Ọkọ Mi Kò Fẹ́ Gbọ́ Iye Tí Ilé Wa Máa Ná Wa

Olóòtú wa, ẹ kú iṣẹ́, ẹ sì kú ìfaradà ẹjọ́ wa. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dárúkọ mi, torí ọkọ mi kì í fi ètò yín ṣeré.

Iṣẹ́ tí mò ń ṣe jẹun ni pé mo máa ń bá àwọn tó fẹ́ kọ́lé ṣírò iye tó máa ná wọn, láti ìpìlẹ̀ títí dé òrùlé. Ọ̀nà jíjìn làwọn èèyàn ti ń wá mi wá. Baba àwọn ọmọ mi nìkan ni kò jẹ́ kí n ṣírò tiwa. Ó ní ẹni tó bá mọ iye tí ilé máa ná an kò ní kọ́ ọ láéláé.

Mo ní, "Dádì, ẹ jẹ́ ká mọ ibi tá à ń lọ."

Ó ní, "Ṣé gbogbo àwọn tó kọ́lé ládùúgbò yìí ló fi oníṣirò ṣaya ni?"

Mo sọ̀rọ̀ títí, ẹnu ń ro mí. Ohun tó bá ti pọ́ọ́kú lọ́jà ló ń rà. Owó símẹ́ǹtì ló fi ra ilẹ̀kùn, torí wọ́n ní ilẹ̀kùn máa tó gbówó lórí. Ògiri wa ò tíì kọjá orúnkún, koríko sì ti ga jù ú lọ.

Ẹ̀yin olùgbọ́, ṣé kí n ṣírò rẹ̀, kí n kà á sí i létí, àbí kí n máa wò ó níran? Ẹ tètè dá mi lóhùn. Ilẹ̀kùn mẹ́jọ ló wà nínú yàrá kan ṣoṣo tá a háyà, ọ̀kan péré ló ń ṣí.

Èmi ni,
Ìyàwó Onílẹ̀kùn.