Mẹ́kà Tí Ẹ Lọ ní Ìkòròdú

Bàbá mi ọ̀wọ́n,

Mo kí yín níbi tí ẹ sùn sí. Ó ti lé ní ọdún kan tí ẹ ti fi wá sílẹ̀, mi ò sì kọ nǹkan kan sí yín. Kì í ṣe pé mo gbàgbé yín o. Inú ló ń bí mi sí yín. Ẹ má bínú pé mo sọ ọ́ ṣàkó báyìí, ẹ̀yin náà lẹ kúkú máa ń sọ pé ẹnu mi kì í gba ọ̀rọ̀ dúró, pé bí mo bá gbé ọ̀rọ̀ mì, inú á máa run mí ni títí màá fi sọ ọ́. Ìsọ̀ ìránṣọ mi ní Ìkòròdú ni mo wà báyìí. Wọ́n ti mú iná lọ, ẹ̀rọ ò lè ṣiṣẹ́, mo bá ya ewé mélòó kan nínú ìwé tí mo fi ń kọ ìwọ̀n àwọn oníbàárà.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ fún yín ní ìròyìn ilé. Ara Màámi le, àfi orúnkún wọn. Wọ́n ṣì ń yan ẹja, ṣùgbọ́n orí àpótí ni wọ́n ń jókòó sí ṣe é, wọn ò lè lóṣòó mọ́. Bọ̀dá Sìkírù, àkọ́bí yín, ti kun ilé yín ní Ẹ̀pẹ́. Àwọ̀ ọsàn tí ẹ ò fẹ́ràn yẹn náà ló fi kùn ún, kò gbọ́ ti ẹnikẹ́ni. Ọmọ mi àgbà ti ń fọ́ ìka kó tó kírun bí ẹ ṣe máa ń ṣe, ta ló kọ́ ọ, mi ò mọ̀.

Èyí tó wá ń bí mi nínú nìyí. Bí oṣù méjì lẹ́yìn fìdáù yín, Bàbá Délé wá sí ìsọ̀ mi. Ọ̀rẹ́ yín ará Ọ̀ṣun yẹn, tó ń ta pákó, tó háyà ilé sí Ìkòròdú níbí láti ìgbà tí mo ti wà lọ́mọdé. Wọ́n jókòó sórí bẹ́ǹṣì, wọ́n ṣí fìlà, wọ́n ń fi í fẹ́ ara wọn. Mo rò pé wọ́n wá kí mi kú àràfẹ́rakù lásán ni. Wọ́n ní nǹkan kan há wọn láyà, pé àwọn ò fẹ́ẹ́ gbé e dé sàréè.

"Ọmọ mi," wọ́n ní, "bàbá yín ò dé Mẹ́kà o."

Mo rẹ́rìn-ín. Bàbá mi, Àlàájì tí gbogbo Ẹ̀pẹ́ mọ̀? Mo rò pé ọjọ́ ogbó ló ń bá wọn sọ̀rọ̀. Àmọ́ wọn ò bá mi rẹ́rìn-ín. Wọ́n sọ ọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, nígbà tí wọ́n fi máa parí, mo ti fi abẹ́rẹ́ gún ara mi níka lẹ́ẹ̀mejì.

Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni mí lọ́dún náà. Mo mọ̀ pé ẹ ta ọkọ̀ ojú omi yín, tòun ti ẹ́ńjìnnì rẹ̀, kí ẹ lè rí owó Mẹ́kà san. Ohun tí mi ò mọ̀ ni irú ẹni tí ẹ kó o fún. Ọkùnrin kan báyìí tó gba ọ́fíìsì ní Ìkòròdú níbí, sójú ọ̀nà tí àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ńlá máa ń gbà kọjá. Bàbá Délé ní aṣọ funfun ló máa ń wọ̀, láwàní rẹ̀ kì í ní ìdọ̀tí kan, àti pé lọ́jọ́ tí ẹ kọ́kọ́ gbọ́ ọ tó ń ké Kùránì, omi bọ́ lójú yín. Ó ní àyè kan ṣoṣo ló kù, pé orí ló gbé yín wá. Ó gba owó, ó gba ìwé ìrìnnà, ó ní kí ẹ gbé báàgì yín wá lọ́jọ́ báyìí báyìí, pé ọkọ̀ á gbé yín láti iwájú ọ́fíìsì òun lọ sí pápákọ̀ òfurufú. Ẹ̀yin tí ẹ máa ń yẹ ẹja wò lábẹ́ ìjàgbá kí ẹ tó sanwó! Kí ló dé tí ẹ ò yẹ ọkùnrin yẹn wò? Àbí bí èèyàn bá ti ń pe orúkọ Ọlọ́run dáadáa, ó parí nìyẹn?

Mo rántí ọjọ́ tí ẹ lọ bí ẹni pé àná ni. Ẹ ti pa àgbò, ẹ ti ṣe wòlímọ́tù. Àwọn ìyá àṣàlátù wọ funfun, wọ́n ń kọrin, wọ́n ń sìn yín lọ sí ibùdókọ̀, èmi ni mo gbé búùtà yín. Gbogbo àdúgbò ló ń fi orúkọ rán yín, pé kí ẹ bá àwọn dárúkọ àwọn lọ́hùn-ún. Ẹ kó orúkọ àwọn aláìsàn, ẹ kó orúkọ àwọn àgàn, ẹ kọ gbogbo rẹ̀ sínú ìwé, ẹ ká a sápò. Ẹ dé Ìkòròdú, ẹ bá ilẹ̀kùn ọ́fíìsì ní títì. Wọ́n ti yọ pátákó, ìṣó mẹ́rin ló kù lára ògiri. Onílé ní wọ́n ti kó jáde láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá. Ẹ jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ yẹn títí wọ́n fi pe ìrun àsárì.

Ẹ sì kọ̀, ẹ ò padà sílé. Mo bi Bàbá Délé léèrè ìdí, wọ́n wò mí bí ẹni tí kò ní làákàyè. Wọ́n ti fi orin sìn yín. Ta ni wọ́n fi orin sìn lọ sí Mẹ́kà láàárọ̀, tó máa wá gbé báàgì wọlé lọ́jọ́ kan náà? Ikú yá ju ẹ̀sín. Ilé Bàbá Délé lẹ bá lọ, nínú yàrá tí wọ́n ń kó pákó sí, ibẹ̀ lẹ wà fún ogójì ọjọ́ gbáko. Ìkòròdú, tí kò ju kí èèyàn wọ ọkọ̀ kan lọ láti Ẹ̀pẹ́! Bàbá Délé tí í ṣe onígbàgbọ́ ló ra rédíò fún yín, kí ẹ lè gbọ́ ohun tó ń lọ ní Mẹ́kà, kí ẹ lè rí ìtàn gbé wálé. Àwọn ló fi abẹ fá orí yín lọ́jọ́ tí ẹ ń padà, tí wọ́n ge yín lẹ́yìn etí. Mo rántí egbò yẹn. Màámi kì í jẹ́ kí a fọwọ́ kàn án, wọ́n ní egbò ìbùkún ni.

Omi Sámúsámù tí ẹ gbé wálé ńkọ́? Omi ẹ̀rọ Ìkòròdú ni, tí ẹ fi iná sè, tí ẹ rọ sínú kẹ́ẹ̀gì. Ọ̀rọ̀ burúkú tòun tẹ̀rín. Nígbà tí ibà fẹ́ẹ́ pa mí ní ọmọ ọdún méjìlá, ṣebí òun ni Màámi bu fún mi mu? Mo sì dìde! Mo sọ fún ọkọ mi, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi dì mọ́ ògiri. Èmi ò lè rẹ́rìn-ín tó bẹ́ẹ̀, torí Bàbá Délé ní ọjọ́ Iléyá ló burú jù. Ẹ wọ aṣọ funfun tí ẹ rà fún ìrìn àjò náà, ẹ ń gbọ́ báwọn èèyàn ṣe ń ṣe kábárà lọ sí yídì, ẹ ò lè jáde kí ará Ẹ̀pẹ́ kan má baà rí yín. Ẹ̀yin nìkan kírun yín láàárín pákó. Bàbá Délé gbé ẹran tí aládùúgbò fún wọn wá bá yín, ẹ ò fẹnu kàn án.

Àwọn nǹkan tí mi ò rò sí tẹ́lẹ̀ wá bẹ̀rẹ̀ sí í yé mi. Bí wọ́n bá kí yín ní Àlàájì, ẹ máa kọ́kọ́ wolẹ̀ ná kí ẹ tó dáhùn. Wọ́n fẹ́ẹ́ fi yín joyè ní mọ́ṣáláṣí, ẹ kọ̀ jálẹ̀. Ẹ wá ń fi àjẹ̀ wa ọkọ̀ kékeré kiri ọ̀sà, àwọn èèyàn ní Mẹ́kà ló rẹ̀ yín sílẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, pé ẹ ò wá ayé mọ́. Ìtàn mẹ́ta péré lẹ ní nípa Mẹ́kà, ẹ sì máa ń sọ pé korobá ni wọ́n fi ń fa omi Sámúsámù. Nígbà tí èmi àti ọkọ mi lọ, mo rí i pé ẹnu ẹ̀rọ ni wọ́n ti ń pọn ọ́n. Mo délé, mo jókòó tì yín, mo ní kí a jọ sọ ọ́, Àlàájì méjì. Ẹ mú àwọ̀n yín, ẹ ní ó ya, ẹ bọ́ síta. Kí lẹ rò nínú nígbà yẹn, Bàbá mi? Mo ní kí n mú yín lọ lẹ́ẹ̀kan sí i, nígbà tí ẹsẹ̀ yín ṣì le. Ẹ ní ẹ̀ẹ̀kan ti tó, kí n fi owó náà tọ́ ọmọ. Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún mi? Mo lè gbé yín lọ, kí ẹnikẹ́ni má mọ̀. Èyí ló ń dùn mí ju irọ́ náà lọ. Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òótọ́ á bá a. Tiyín lọ jù bẹ́ẹ̀ lọ, ikú ló sì kọ́kọ́ bá a.

Mo lọ bá àáfà kan níbí, mi ò dárúkọ yín. Wọ́n ní Ọlọ́run mọ èrò ọkàn irú ẹni bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ọmọ tó bá ti ṣe Hájì tirẹ̀ lè lọ ṣe é fún òbí tó ti kú. Ìrìn kan, orúkọ kan, kò gba ti ẹni méjì. Mo ti ń tu owó jọ láti fi ra ẹ̀rọ ńlá sí ìsọ̀. Mo ní kí ẹ̀rọ dúró ná.

Mo lọ sí Ẹ̀pẹ́ láti sọ fún Màámi pé mò ń padà lọ sí Mẹ́kà. Mo ti gbèrò pé mi ò ní sọ ìdí. Wọ́n ń to ẹja sórí àyan tí wọ́n fi ń yan án, inú wọn dùn, wọ́n nu ọwọ́, wọ́n di ọwọ́ mi mú.

"Tèmi ni kí o lọ ṣe wá fún mi. Orúnkún yìí ò lè gbé mi débẹ̀ mọ́. Bàbá rẹ ti ṣe tiẹ̀, ó ku tèmi."

Bàbá mi, kí ni ǹ bá sọ? Mo ní ó dáa, mo wọkọ̀ padà sí Ìkòròdú. Odidi ọ̀sẹ̀ méjì ni mi ò fi lè jẹun dáadáa. Mo rò ó pé màá gbà fún wọn lẹ́nu, bí mo bá dé ọ̀hún, màá dárúkọ yín, ta ló máa mọ̀? Mo fẹ́ẹ́ ṣe é o, mi ò ní purọ́ fún yín. Lọ́jọ́ kan tí mo ń gé aṣọ ni mo gbọ́ ara mi tí mò ń dán ohun tí màá sọ fún Màámi wò bí mo bá dé, bí mo ṣe pe orúkọ wọn ní Aráfà, bí ẹkún ṣe gbọ̀n mí. Mo ju sísọ́ọ̀sì sílẹ̀. Ẹ wo bí gbájúẹ̀ ṣe ń bímọ. Mo ti ìsọ̀ pa, mo padà sí Ẹ̀pẹ́ lọ́jọ́ náà.

Mo sọ gbogbo rẹ̀ fún Màámi. Ẹja ń jóná lórí àyan, wọn ò yí i. Mo rò pé wọ́n máa ṣépè fún yín ni.

"Ọjọ́ Iléyá ńkọ́?" wọ́n ní. "Ta ló fún un ní ẹran jẹ?"

Mo ní wọ́n gbé e wá, ẹ ò jẹ ẹ́. Ìgbà yẹn ni wọ́n sunkún. Lẹ́yìn náà ni ìbínú wá dé, wọ́n pòṣé, wọ́n ń bá yín wí bí ẹni pé ẹ wà níbẹ̀. "Ọkùnrin yìí! Ilé mi ló yẹ kí o wá. Ṣé èmi ni mo máa lé ọ? Mo pa ẹran ọdún yẹn, mo há a fún gbogbo àdúgbò, ìwọ wà láàárín pákó!" Láti ọjọ́ yẹn ni wọ́n ti padà sí pípè yín ní Bàbá Sìkírù. Wọn ò pè yín ní Àlàájì mọ́, èyí sì ń bà mí nínú jẹ́ ju ìbínú wọn lọ, torí orúkọ yẹn dùn lẹ́nu wọn.

Lọ́jọ́ kẹta wọ́n pè mí lórí fóònù, wọn ò tiẹ̀ kí mi. Wọ́n ní tiyín ni kí n ṣe. Wọ́n ní àwọn ṣì wà láyé, àwọn ṣì lè bẹ Ọlọ́run fúnra àwọn, ẹ̀yin ò lè bẹ̀bẹ̀ mọ́. Wọ́n ní kò gbọdọ̀ dé etí Bọ̀dá Sìkírù, kò gbọdọ̀ dé etí ìyá àṣàlátù kankan. Mo mọ ohun tó ná wọn. Orúkọ tiwọn ni wọ́n yọ kúrò láti fi tiyín sí i.

Mo lọ, Bàbá mi, ọkọ mi sì bá mi lọ. Ẹnikẹ́ni ò fi orin sìn wá. Orúkọ yín ni mo fi dá àníyàn, orúkọ tí bàbá yín sọ yín gan-an, òun náà ni mo pè ní Aráfà nínú oòrùn títí ohùn mi fi há. Gbogbo ohun tó yẹ kí ẹ ṣe ni mo ṣe fún yín, mi ò fo ọ̀kankan. Ẹsẹ̀ mi wú. Mo sọ fún Ọlọ́run pé bí ẹ bá jẹ̀bi irọ́, kó wo ẹni tó kọ́kọ́ pa á fún yín, àti pé ẹ ò fi orúkọ Àlàájì jẹun rí.

Nígbà tí mo dé, Ẹ̀pẹ́ ni mo kọ́kọ́ yà. Màámi ti wọ aṣọ àràǹbarà wọn tí wọ́n wọ̀ lọ pàdé yín lọ́dún yẹn, ó ti fún mọ́ wọn lára. Wọn ò kí mi. Wọ́n fi ọwọ́ kan di ọ̀pá, wọ́n fi ìkejì di ọwọ́ mi, a rìn díẹ̀díẹ̀ lọ sí ẹ̀yìn ilé níbi tí ẹ wà. Orúnkún yẹn ń dùn wọ́n, mo sì ní kí wọ́n má kúnlẹ̀, ṣùgbọ́n wọ́n kúnlẹ̀.

"Ẹ káàbọ̀, Àlàájì," wọ́n ní. "Ẹ kú ìrìn o. Ó mà pẹ́ kí ẹ tó dé."

Èmi ni,
ọmọ yín obìnrin, tí inú rẹ̀ ti rọ̀ sí yín.