Epo Pupa Kò Fọ Eruku Àyà

Ẹ kú ilé o, ìyá mi. Ẹ kú àdúrà lórí mi. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja láti ṣọ́ọ̀bù wa ní Ìyànà Ìyẹsí, mo sì kí Àǹtí Sìkírá tó ń ka lẹ́tà yìí fún yín.

Iṣẹ́ pọ̀. Láti ìgbà tí ṣọ́ọ̀ṣì ńláńlá àti yunifásítì ti kún Ọ̀tà, kò sí onímọ́tò tó fẹ́ kí rímù òun dúdú lójú ará ìjọ. A ń fi ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ fọ́n ohun tó rí bí iyanrìn sára rímù alumíníọ̀mù títí ọ̀dà àtijọ́ yóò fi ṣí. Ọyẹ́ ti dé, èmi nìkan ni mo sì ń dá jẹun. Àárò yín ń sọ mí.

Ohun tí ẹ ní kí Àǹtí kọ sí mi lọ́jọ́sí ni kò jẹ́ kí n gbádùn. Ẹ ní Rásákì àbúrò mi ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ yìí nílé, iyanrìn odò ló ń lò, ó ń wúkọ́ díẹ̀, ẹ sì ń fún un ní epo pupa mu.

Ṣé ẹ rántí Ọ̀gá Mùsílíù tó kọ́ mi níṣẹ́? Iyanrìn odò la lò nígbà náà. Èmi ni mò ń jọ̀ ọ́, tí mò ń sá a sóòrùn. Áńkáṣíìfù lásán ni ọ̀gá ń so mọ́mú. Ní ìrọ̀lẹ́ Jímọ́ọ̀, a ó mu epo ṣíbí mẹ́ta, wọ́n ní yóò fọ àyà. Àṣé ikùn ni epo ń lọ, inú ẹ̀dọ̀fóóró ni eruku wà. Ìgbà tí ẹ̀pa ò bóró mọ́ ni dókítà sọ fún wa. Ọ̀gá ò lè gun àtẹ̀gùn mẹ́rin mọ́ kí ọlọ́jọ́ tó dé. Áńkáṣíìfù wọn ṣì wà lórí ìṣó lára ògiri ṣọ́ọ̀bù yìí, mi ò lè yọ ọ́. Bí mo bá ti pa ẹ̀rọ, mò ń gbọ́ ikọ́ wọn lẹ́yìn mi. Ẹ̀rù ń bà mí, Màámi.

Lónìí, èérún gíláàsì la ń lò, nínú àpótí tó dé pinpin. Ẹ̀rọ kan ń fa eruku rẹ̀, mò ń lo ìbòmú tó ní asẹ́, omi la fi ń nu ilẹ̀, a kì í gbá a ní gbígbẹ. Aṣọ iṣẹ́ kì í bá mi délé.

Rásákì ò mọ èyí. Nígbà tó wá kí mi lọ́dọ̀ Ọ̀gá, iyanrìn ló bá lọ́wọ́ wa. Èmi ni mo bu ṣíbí epo àkọ́kọ́ sí i lẹ́nu.

Ẹ gba ṣíbí yẹn lọ́wọ́ rẹ̀. Kó pa ẹ̀rọ, kó wọkọ̀ wá, ká lọ ya fọ́tò àyà rẹ̀. Bó bá ní ẹ̀gbọ́n òun ló kọ́ òun, òótọ́ ni. Ẹ sọ fún un pé láti ọjọ́ tí lẹ́tà yín ti dé, ikọ́ méjì ni mò ń gbọ́.

Ọlọ́run ò ní jẹ́ kí ẹ fojú sunkún ọmọ. Ẹ bá mi kí gbogbo agbo ilé.

Èmi ni ọmọ yín,
Láṣísì