Fáìlì Iléru Ń Bọ̀ Lọ́dọ̀ Rẹ

Ilé 9, D Close,
512 Road, Festac Town,
Èkó.
Ọjọ́ Kejìlá, Oṣù Kọkànlá, 2025.

Ìyìn, ọ̀rẹ́ mi láti kékeré,

Ṣé àlàáfíà lo wà? Ọkọ rẹ ńkọ́? Àwọn ìbejì ńkọ́, ṣé wọ́n ti ń jẹ́ kí o sùn? Ooru Ìlọrin ńkọ́, ṣé kò tíì sọ yín di ẹran sísun? Mo mọ̀ pé o máa ní ó ti pẹ́ tí mo ti kọ̀wé. Òótọ́ ni. Iṣẹ́ lèmi ń ṣe, ìpàdé làwọn kan ń ṣe.

Ọ̀rọ̀ Dádì Owólabí aládùúgbò wa ni. O rántí Iléru, ilẹ̀ oníná tí wọ́n hun látinú orí ara wọn, tí wọ́n máa ń sọ ìtàn rẹ̀ fún wa níwájú ilé wọn nígbàkígbà tí NEPA bá ti ṣe tiwọn. Ilẹ̀ tó gbóná débi pé orí erùpẹ̀ lásán ni wọ́n ń gbé ìkòkò kà tí ọbẹ̀ fi ń hó. Òjò ibẹ̀ kì í kanlẹ̀ kó tó padà sókè. Ìbòòji ni wọ́n ń kó lọ ṣe ìdána, ẹni tó bá sì ní àpáta mẹ́ta tó ṣíji bò ó, olóyè ni.

Ìyìn, Dádì ti ń gbàgbé nǹkan. Lóṣù tó kọjá, ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n fi orúkọ ìyá mi pè mí. Ní Sátidé, ọjọ́ kejìlélógún oṣù yìí, Akínyẹmí ọmọ wọn ń bọ̀ wá mú wọn lọ sí Àkúrẹ́, kí wọ́n lè máa gbé lọ́dọ̀ rẹ̀. Bí Iléru kò bá tíì wọnú ìwé kí wọ́n tó lọ, ó parun nìyẹn.

Kí la wá ṣe sí i? A yan ìgbìmọ̀! Bọ̀dá Clement, tí àwọn àti Dádì jọ fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀, ni alága. Alhaja Rùkáyátù tó ń ta ọjà lÁgbójú ni akápò, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò sí àpò kankan. Èmi tí mo lọ kàwé gboyè nípa bí a ṣe ń ṣètò iṣẹ́, bisikíìtì ni wọ́n ní kí n máa rà wá.

Ìpàdé mẹ́fà, Ìyìn! Odindi ìpàdé kan ni wọ́n fi jiyàn bóyá odò wà ní Iléru.

Alhaja ní, "Clement, bí kò bá sódò, kí ni wọ́n fẹ́ fi ṣe àlùwàlá?"

"Alhaja, ta ló sọ fún yín pé Mùsùlùmí ni wọ́n?"

"Ta ló sọ fún ẹ̀yin náà pé wọn kì í ṣe Mùsùlùmí?"

Wọ́n sún un sí ìpàdé tó kàn. Iléru ti ní alága, ó ti ní akápò, ó ti ní àkọsílẹ̀ ìpàdé mẹ́fà. Ojú ewé ìtàn kan péré ni kò tíì ní. Dádì jókòó sáàárín wọn, wọ́n ń rẹ́rìn-ín músẹ́, wọ́n ń jẹ bisikíìtì.

Mo tú ìgbìmọ̀ ká lọ́jọ́ Àìkú, lọ́nà tèmi. Mo ní Raji Rasaki Estate ni ìpàdé keje máa wáyé. Bí wọ́n ṣe gba ibẹ̀ lọ, bẹ́ẹ̀ lèmi gba ilé Dádì lọ. Mo tan fóònù pé kó gba ohùn wọn sílẹ̀. Mo ní, "Dádì, báwo ni àwọn ará Iléru ṣe rí omi tútù?"

Wọ́n wò mí. "Iléru? Ta ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀?"

Mo pa fóònù. Ìgbà yẹn ni wọ́n nawọ́ fa fáìlì iṣẹ́ tèmi tí mo gbé sórí tábìlì, wọ́n ṣí i, wọ́n to ìwé inú rẹ̀ gún régé, wọ́n wá jágbe mọ́ mi: "Ta ló gbé fáìlì wọlé láìkọ ohun tó ń fẹ́ síbẹ̀?"

Ọdún márùndínlógójì ní iléeṣẹ́ ìjọba! Èmi tí mo ti ń bú fáìlì láti ọjọ́ tí mo ti wọ yunifásítì, mo mú bírò. Mo kọ ìbéèrè mi, mo ní, "Sà, ẹ jọ̀wọ́, fún ìdáhùn yín." Mo buwọ́ lù ú, mo kọ déètì, mo tì í síwájú wọn. Dádì wọ dígí ojú, wọ́n sì kọ ìdajì ojú ewé láìdáwọ́ dúró. Wọ́n tún fún ìpínrọ̀ ní nọ́ńbà!

Wọ́n kọ ọ́ pé abẹ́ iná tó dàgbà jù lọ ni omi tútù ń sùn sí. Ẹnikẹ́ni kì í pa iná náà. Ńṣe ni wọ́n ń kúnlẹ̀ bẹ̀ ẹ́ kó dìde díẹ̀, kí wọ́n lè bu omi níbi tó jókòó sí.

Ìbéèrè mọ́kànlá ni mo kọ, mọ́kànlá ni wọ́n dáhùn. Ìkejìlá ló kù, ìparí ìtàn: ta ló kọ́kọ́ mu omi náà? Ohun tí wọ́n kọ rèé: "Ọmọbìnrin kan tó ń jẹ́ Ìyìn ló béèrè èyí lọ́jọ́sí, òun náà ló sì dáhùn rẹ̀. Ẹ gbé fáìlì lọ bá a." Wọ́n buwọ́ lù ú, wọ́n pa fáìlì dé, wọ́n ní ṣé ìyá mi wà nílé.

Nítorí náà, fáìlì ti kúrò ní gáréèjì Mile 2 láàárọ̀ yìí, ọwọ́ dírẹ́bà ni wàá ti gbà á. Kọ ìdáhùn rẹ sábẹ́ tiwọn. Má ṣe é lọ́ṣọ̀ọ́, má sì yan ìgbìmọ̀ pẹ̀lú ọkọ rẹ. Bí o bá ti gbàgbé, kọ ọ́ pé o ti gbàgbé, kí o buwọ́ lù ú.

Bọ̀dá Clement àti Alhaja kí ọ. Wọ́n ti ka fáìlì náà. Wọ́n ní ó dára, àmọ́ ó yẹ kó kọ́kọ́ gba ọ̀dọ̀ àwọn kọjá. Bá mi kí ọkọ rẹ, kí o bá mi fẹnu ko àwọn ìbejì lẹ́nu.

Jẹ́ kó padà dé ọwọ́ mi ní Tọ́sìdeè, ogúnjọ́, kì í ṣe Fúráìdeè. Mo fẹ́ gbé e síwájú wọn, kí wọ́n buwọ́ lù ú parí, kí Akínyẹmí tó dé. Dádì kì í kúrò ní ọ́fíìsì bí fáìlì bá ṣì wà lórí tábìlì.

Èmi ni ọ̀rẹ́ rẹ tí kò ní sùúrù,
Bernice.