Ìka Ẹ̀gbọ́n Kì Í Ṣe Ìka Àbúrò

Àtìní, 7 Oṣù Kẹwàá 2024

Aliyyah, ọmọ Sàlámì, ló ń bá mi kọ ọ́. Èmi ò mọ̀wé. Mo ní kó má bu iyọ̀ sí i.

Lọ́túnla ni Kóòtù Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn n'Ìbàdàn máa dá ẹjọ́ Hàkímù ọmọ mi. Ẹ̀wọ̀n ọdún méje ni kóòtù àkọ́kọ́ dá fún un. Wọ́n ní ó jí ọ̀kadà Bámiṣẹ́, aládùúgbò wa. Bóyá ó jí i, bóyá kò jí i — mi ò sí níbẹ̀. Kí ẹnìkan ṣáà gbọ́ ẹjọ́ náà dáadáa.

Àtàláátà, 8 Oṣù Kẹwàá

Òjò. Láfún ò gbẹ.

Hàkímù ni Táyé, Sàlámì ni Kẹ́yìndé, ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Mo máa ń gbé wọn lọ oko lọ́nà Ìdèrè, ọ̀kan lẹ́yìn, ọ̀kan láyà. Bí ibà bá mú ọ̀kan, àwọn méjèèjì ló ń mu àgbo. Ẹran Iléyá, ẹni tó bá wà nílé ló ń gba ti èkejì. Ọjọ́ tí nọ́ọ̀sì wá, Táyé sá wọgbó. Kẹ́yìndé gba abẹ́rẹ́ tirẹ̀, ó tún padà lọ tò lórúkọ Táyé. Apá rẹ̀ wú bí iṣu. A rẹ́rìn-ín títí. Ilé ń dùn nígbà yẹn.

Àlàrùbá, 9 Oṣù Kẹwàá

Wọ́n ti da ẹjọ́ nù. Wọn ò tiẹ̀ dé orí ọ̀rọ̀ ọ̀kadà. Oníkánjú — bí mo ṣe ń pe lọ́yà wa nìyẹn — ní ìtẹ̀ka tó wà lórí ìwé tí a fi pẹjọ́ kì í ṣe ti Hàkímù. Ẹlẹ́wọ̀n fúnra rẹ̀ ló yẹ kó tẹ̀ ẹ́.

Mo ní, "Ta ló wá tẹ̀ ẹ́?"

Sàlámì ń wolẹ̀.

Jímọ̀, 11 Oṣù Kẹwàá

Sàlámì ti jẹ́wọ́. Nígbà tí a fẹ́ pẹjọ́, akọ̀wé lọ́yà gbé ìwé gba ibí, ó ń lọ bá Hàkímù lẹ́wọ̀n. Ọjọ́ kejì ni àyè àtipẹjọ́ máa parí, ọ̀nà sì ti bàjẹ́. Sàlámì ní kó mú un wá, ó tẹ̀ ẹ́.

"Ìyá, èmi ni ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ìgbà wo ni mo bi í léèrè kí n tó gba nǹkan fún un?"

Òótọ́ ni. Mo ní, "Ilé wa nìyẹn, ọ̀dẹ̀. Kóòtù ò mọ ìbejì."

Àtìní, 14 Oṣù Kẹwàá

Sàlámì ò jẹun. Mi ò bẹ̀ ẹ́.

Àlàmísì, 17 Oṣù Kẹwàá

Oníkánjú wá. Ó ní a ṣì lè bẹ kóòtù kí wọ́n fún wa láyè tuntun, àmọ́ ẹni tó tẹ̀ka gbọ́dọ̀ lọ búra pé òun ni. "Màmá, mi ò ní purọ́ fún yín. Wọ́n lè tìtorí ẹ̀ ti òun náà mọ́lé."

Sàlámì ní, "Màá búra."

Mi ò ní kó má lọ. Mi ò sì ní kó lọ. Mo bu omi fún lọ́yà.

Aliyyah, nu ojú rẹ, kó o sì kọ èyí tán. Ìyá rẹ ni kó o kọ́kọ́ sọ fún pé bàbá rẹ ń lọ búra, torí òun ni oko ẹ̀gẹ́ máa kù sí lọ́rùn. Lẹ́yìn ìyẹn, Bámiṣẹ́: ẹnu wa ni kó ti gbọ́, kì í ṣe ẹnu àwọn ọlọ́kadà. Má sọ fún Hàkímù o. Bó bá gbọ́, á ní òun ò pẹjọ́ mọ́, kí ẹ̀gbọ́n òun jókòó sílé. Ìgbà tí bàbá rẹ bá ti búra tán ni kó gbọ́.