Alásè Sóba Kò Kú

Ọjọ́ Ajé, 4 Oṣù Kẹta

Ìwé eré tuntun dé. Mo kà á láti ẹ̀yìn wá síwájú bí mo ti máa ń ṣe, kí n lè mọ ojú ewé tí wọ́n ti máa pa mí. Mi ò rí i. Mo tún un kà. Mi ò kú! Alásè sóba ni mí, ẹni tó ń se núdùùsì olómi tà, mo wà láàyè títí eré fi parí. Ọdún mọ́kànléláàádọ́ta nídìí iṣẹ́ yìí, ìgbà igba ó lé mọ́kànlélógún ni wọ́n ti fi idà pa mí. Mo jó ijó ayọ̀ nínú ilé ìdáná.

Ọ̀gá Ilé – Fumiyo, ìyàwó mi – kò wo eré mi kan parí rí. Bí wọ́n bá ti pa mí báyìí, á gbé báàgì, á jáde. Ọkọ òun ti kú, kí ló tún kù tí òun ń wò? Mo ní lọ́tẹ̀ yìí a ó jọ jókòó dópin. Ó ní, "Bàbá Mayu, ẹnu yín náà nìyẹn."

Ọjọ́rú, 6

Ilé ìgbohùnsílẹ̀. Ogún ọdún rèé tí mo ti ń ṣe ohùn Ọ̀pọ̀lọ́ Àgbà nínú kàtúùnù ọmọdé. Mi ò jẹun kí n tó lọ. Ikùn mi kùn wọnú ẹ̀rọ. Wọ́n ní ikùn ọ̀pọ̀lọ́ nìyẹn, àwọn ò ní yọ ọ́.

Ọjọ́bọ̀, 7

Ojú tì mí níbi tá a ti ń ya eré lónìí. Ẹni tó wà lẹ́yìn mi ni wọ́n fẹ́ ṣá. Abọ́ sóba ló wà lọ́wọ́ tèmi. Bí idà ṣe fò kọjá létí mi, ara mi ṣubú fúnra rẹ̀. Mo yí lẹ́ẹ̀kan, mo nawọ́ sókè, mo kú. Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín – ìyẹn ló bà mí lẹ́rù. Onífìlà, olùdarí wa, fi orúkọ ìdílé mi pè mí, ó ní, "Bàbá Isobe, ikú yín mà dùn ún wò o! Ẹ jẹ́ ká kúkú pa yín."

Ọjọ́ Ẹtì, 8

"Ẹ káàárọ̀" la máa ń kí ara wa níbi iṣẹ́, oòrùn ìbáà ti fẹ́ wọ̀. Koyanagi tó ń tọ́jú ẹrù eré kí mi tán, ó na àpòòwé kékeré tó ní owó nínú sí mi. Mo mọ̀ ọ́n dáadáa. Ẹni tó bá kú nínú eré ni wọ́n ń fún, kí ikú eré má baà tẹ̀ lé e délé. Mo fi ọwọ́ méjèèjì dá a padà.

"Bàbá, olùdarí ló ní kí n mú un wá o. Ẹ ṣáà ti ṣubú."

Mo tọ Onífìlà lọ, mo tẹrí ba fún ọmọ tí mo lè bí. Mo sọ ti Fumiyo fún un, àti ti báàgì. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ó ní, "Ẹ lọ tún ṣubú."

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 9

Wọ́n fún mi ní òdòdó, ipa mi ti parí. Mi ò ní kọ ohun tí a ṣe síbí. Ọ̀gá Ilé máa ń yọjú wo ìwé yìí.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 22 Oṣù Kẹfà

Wọ́n fi eré náà han àwa àti ẹbí wa. Idà fò. Mo ṣubú. Fumiyo mí kanlẹ̀, ó gbé báàgì, ó dìde. Ẹnì kan lẹ́yìn ní, "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jókòó."

Òkú alásè sóba la ojú kan. Ó fọwọ́ wá ọgbẹ́ níkùn, kò rí nǹkan kan. Ikùn ọ̀hún wá kùn, bíi ti Ọ̀pọ̀lọ́ Àgbà gẹ́lẹ́. Ó dìde jókòó, ó fa abọ́ mọ́ra, ó ń jẹ sóba tó kù.

Gbogbo èèyàn bú sẹ́rìn-ín. Fumiyo dúró síbẹ̀, báàgì lápá. Ó wo alásè sóba, ó wò mí. Ó jókòó. Kò dìde mọ́ títí wọ́n fi tan iná.

Nígbà tá a délé, ó lọ gbé ìrẹsì ẹlẹ́wà pupa kaná, èyí tá a fi ń ṣàjọyọ̀. Mo rí i pé ó ti rẹ ẹ́ sómi láti àná. Ó bu tèmi fún mi, ó ní:

"Bàbá Mayu, ẹ kú ewu."