Ẹ Má Dá Ìró Ẹ̀kùrọ́ Yẹn Lóhùn

Ìyá mi, ẹ kú ilé o. Ẹ kú àbójútó, ẹ sì kú ojú lọ́nà. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja fún ẹ̀yin àti Bàbá láti inú òṣùpá tí ẹ̀ ń wò níwájú ilé wa ní Towé. Mo kí Àbẹ̀kẹ́ àbúrò mi, mo kí àwọn ìyàwó ilé. Ẹni tó bá mọ̀wé kà nínú yín, kó ka lẹ́tà yìí sókè lọ́jà Pobè, kó sì gbé e dé Sakété, nítorí ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ kì í ṣe ti ilé wa nìkan.

Ẹ rántí pé kò pẹ́ tí wọ́n fa àsíá tiwa sókè ni àwọn agbaniṣíṣẹ́ òṣùpá dé. Inú wa ń dùn pé òyìnbó ti lọ, la bá gun ọkọ̀ òfuurufú wọn bí ẹni gun kamiọ̀n lọ sí Kútọnu. Owó tí wọ́n ṣèlérí, n kò fojú kàn án. Òkúta tó ń tàn bí iná là ń fọ́ nínú kòtò, òtútù ibẹ̀ ń wọ egungun, òjò kò sì rọ̀ rí. Àwọn ọkùnrin irin ló ń ṣọ́ wa. Wọ́n fi agogo há wa lọ́rùn, agogo náà gbọ́ Yorùbá, ó gbọ́ Gùn, ó gbọ́ Faransé. Ẹni tó bá lanu sọ̀rọ̀, á jó o lọ́rùn títí ẹran á fi máa rùn. Mo rí i tó jó ọkùnrin kan pa, tí kò ṣe ju pé ó pe orúkọ ìyàwó rẹ̀ lójú oorun.

Àìlèsọ̀rọ̀ yẹn dùn mí ju ẹgba lọ. Ibẹ̀ ni mo ti rántí òkúta tí ẹ fi ń pa ẹ̀kùrọ́. Láyé àwọn agbowó-orí, tí Bàbá àti àwọn ọkùnrin Towé máa ń sá wọgbó, ẹ̀yin obìnrin á jókòó sójúde, ẹ óò máa pa ẹ̀kùrọ́ bí ẹni tí kò mọ nǹkan kan. Bí sójà wọn bá ń bọ̀, ẹ óò kàn án lẹ́ẹ̀mẹta kíákíá, ẹ óò sì dákẹ́. Bí wọ́n bá ti lọ, ẹ óò kàn án jẹ́jẹ́ lẹ́ẹ̀mejì, ẹ óò wá là á gbàgà, Bàbá á sì jáde. Mo fi òòlù mi kan ìró yẹn lára òkúta lọ́jọ́ kan, ẹnì kan sì dá mi lóhùn láti ìsàlẹ̀ kòtò. Ògúnṣọlá ni, ọmọ Yoko, lápá Sakété. Ìyá tiẹ̀ náà ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Inú mi dùn débi pé mo sunkún. A fi kún ìró náà títí a fi lè fi òòlù sọ ohun gbogbo: ebi, àárò ilé, ẹni tó kú. A kọ́ àwọn yòókù. Òòlù náà ni Ògúnṣọlá fi ń fi mí ṣẹ̀fẹ̀, á ní àwa ará apá Pobè ń kan òkúta bí ẹni ń bẹ̀ ẹ́. Ẹ̀kùrọ́ lalábàákú ẹ̀wà, bí èmi àti òun ṣe rí nìyẹn.

A fohùn ṣọ̀kan pé ìró “sójà ń bọ̀” la ó fi dìde. Èmi ni mo kàn án. Ẹ̀yìn àwọn ọkùnrin irin ni batéérì wọn wà, ibẹ̀ la dojú òòlù kọ. A fọ́ wọn, Ìyá mi, a fọ́ wọn bí ẹ̀kùrọ́, inú mi sì dùn, n kò ní purọ́ fún yín. Àmọ́ wọ́n fọ́ tiwa náà. Mo rí orí ènìyàn tí wọ́n fi ọwọ́ irin tẹ̀ mọ́ ògiri títí kò fi jọ orí mọ́. Ọ̀kan nínú wọn gé ọwọ́ ọ̀tún mi, mo rí i tó bọ́ sílẹ̀ tòun ti òòlù. Ògúnṣọlá fi ìgbànú rẹ̀ di apá mi, ó sì wọ́ mi wọ inú ihò kan.

Nígbà tí ariwo rọlẹ̀, a gbọ́ ọ: jẹ́jẹ́ lẹ́ẹ̀mejì, ẹ̀ẹ̀kan gbàgà. Ẹ jáde, wọ́n ti lọ. Ògúnṣọlá rẹ́rìn-ín, ó fọwọ́ bà mí léjìká, ó jáde. Ọkùnrin irin ló mú òòlù dání. Ó la Ògúnṣọlá sí méjì níṣojú mi. Ó tún kan ìró náà, àwọn ará wa tún ń jáde láti inú ihò wọn, ó sì ń pa wọ́n. Agogo ọrùn wa ti ń gbọ́ gbogbo rẹ̀ látọjọ́ yìí wá, ó sì ti fi kọ́ àwọn ọkùnrin irin. Ohun tó gba Bàbá là ló pa ọ̀rẹ́ mi.

Àwa díẹ̀ tó ṣẹ́kù ti já agogo náà, a sì sá pamọ́ sẹ́yìn òṣùpá. Awakọ̀ kan tó ṣàánú wa ló mú lẹ́tà yìí wá. Ó sọ fún mi pé ọkọ̀ tó kó àwọn ọkùnrin irin ti ń gbéra, pé Pobè àti Sakété ni wọ́n ń bọ̀, láti wá kó àwọn tí yóò rọ́pò wa. Wọ́n mọ̀ pé ẹ óò sá wọgbó. Wọ́n á jókòó sójúde yín, wọ́n á sì máa kan ẹ̀kùrọ́.

Ìyá mi, mo bẹ̀ yín, ẹ má jáde. Ẹ má pa ẹ̀kùrọ́ kankan títí wọ́n á fi lọ, kí Àbẹ̀kẹ́ lè mọ̀ pé ìró yòówù kó gbọ́, kì í ṣe tiyín. Mo mọ̀ pé àdín lẹ fi ń bọ́ ilé, ẹ forí jì mí. Bó tilẹ̀ dà bí èmi gan-an, tó ń kàn án bí ẹni ń bẹ̀ ẹ́, ẹ má dáhùn. Ọwọ́ tó mọ̀ ọ́n kàn ti kù sínú kòtò. Bí mo bá padà wálé, ojú ọ̀nà Towé ni màá dúró sí lọ́sàn-án gangan, màá fi ẹnu mi pè yín. Irin lè kan òkúta, n kò tíì gbọ́ kó pe ìyá.

Kí Bàbá fúnra wọn lọ bá ìyá Ògúnṣọlá ní Yoko, kí wọ́n jókòó tì wọ́n dáadáa kí wọ́n tó sọ ọ́. Ẹ kí gbogbo ará ilé, ẹ kí ará oko. Ọlọ́run á bò yín, igbó á gbà yín mọ́ra, ẹ ò ní fẹsẹ̀ ara yín rìn pàdé ikú.

Èmi ni ọmọ yín tó ń fi ọwọ́ òsì kọ̀wé,
Akínbọ̀dé