Mo Ti Bá Ọ Wá Ọ̀rọ̀ Dé Ọ̀dọ̀ Káfíńtà

Ọmọ mi ọ̀wọ́n,

Ṣé àlàáfíà lo wà, ṣé ara le, ṣé o sì ń jẹun kí o tó jáde láàárọ̀? Ọlọ́run tó mú ọ débẹ̀ kò ní dá ọ padà lọ́wọ́ òfo, ojú kò ní tì ọ́ níbi tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ ti ń yọ̀. Àwa náà wà, a dúpẹ́. Òrùlé ẹ̀yìnkùlé ń jò, bàbá rẹ gbé garawa sábẹ́ rẹ̀, ó ní òun ti tún un ṣe. Àbúrò rẹ ti bímọ, obìnrin ni, imú rẹ gan-an ló gbé wá.

Lẹ́tà rẹ dé lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, láti ìgbà tí mo sì ti kà á ni oorun ti kọ̀ mí. O ní ọ̀gá rẹ níbi tí ẹ ti ń kọ ìwé pélébé tí wọ́n ń fi sínú páálí fáànù, èyí tó ń kọ́ èèyàn bí wọ́n ṣe ń lò ó, ní ọ̀rọ̀ kan náà lò ń lò ṣáá, "àti", "ṣùgbọ́n", "nítorí", "ní", pé kí o wá òmíràn dípò wọn kí oṣù tó parí, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ kí o máa lọ sílé. Mo ka ibẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta. Ọmọ mi, ṣé àwọn ọ̀rọ̀ náà ti wọ́n nígboro ni? Àbí àwọn iléeṣẹ́ ńlá ló ti kó wọn tán? Níbí, a ṣì ń lò wọ́n bó ṣe wù wá, ẹnikẹ́ni ò bi wá.

O tún ní kọ̀m̀pútà máa ń fa ilà pupa sábẹ́ ọ̀rọ̀ tí o bá ti lò jù. Ìyẹn ló já mi láyà jù. Bí àwọn ará ìjọba ṣe kun ọ̀dà pupa sára ògiri ṣọ́ọ̀bù télọ̀ nìyẹn, tí wọ́n fi wá wó o, abẹ́ igi ló ti ń ránṣọ báyìí. Ṣé o máa ń kí ẹ̀rọ náà tí o bá wọlé? Máa kí i. Ohun tó ń wo èèyàn láti àárọ̀ dalẹ́, kò yẹ kéèyàn kọjá lára rẹ̀ bí ẹni tí kò rí i.

Mo wá ní èmi ò ní káwọ́ gbera. Télọ̀ yẹn ni mo kọ́kọ́ lọ bá. Kíá ló fún mi ní "àmọ́" dípò "ṣùgbọ́n", ó fi "tìtorí" ṣe ènì, mo kọ wọ́n sẹ́yìn káàdì ọsibítù bàbá rẹ. Káfíńtà tó ń kan pákó lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ní kí o máa fi "pẹ̀lú" rọ́pò "àti". Inú mi ti ń dùn, àfi bí télọ̀ ṣe ní kò rí bẹ́ẹ̀, pé "èmi àti ọkọ mi" kì í ṣe ọ̀kan náà pẹ̀lú "èmi pẹ̀lú ọkọ mi", pé ní ti èkejì, ẹnìkan ló ń tẹ̀ lé ẹnìkan. Ni wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ sí í bá ara wọn fa ọ̀rọ̀, pákó wà nílẹ̀, aṣọ wà nílẹ̀, kò sẹ́ni tó rántí pé iṣẹ́ ọmọ mi ló fẹ́ bọ́.

Ti "ní" ló wá burú jù. Kò sílé tí mi ò dé. Tíṣà àgbà tó ti fẹ̀yìn tì yọ dígí ojú rẹ̀, ó ronú títí ọmọ-ọmọ rẹ̀ fi sùn lọ lẹ́sẹ̀ rẹ̀, ó wá ní ọmọ kan ṣoṣo nìyẹn, kò lẹ́gbọ́n, kò lábúrò. Ó ní irú wọn kò pọ̀, àwọn ni iṣẹ́ sì pọ̀ lọ́wọ́ wọn jù, ìdí nìyẹn téèyàn fi ń rí wọn níbi gbogbo. Àánú rẹ ṣe mí. Bí tíṣà ò bá rí i, ìwọ ọmọ àná, níbo lo ti fẹ́ rí i?

Ohun tí mo ṣe rèé, jọ̀ọ́, má bínú sí mi. Àdírẹ́sì ọ̀gá rẹ wà lórí bébà tí o fi kọ lẹ́tà. Mo kọ ìwé sí i lọ́jọ́ Ẹtì, mo ṣàlàyé pé a ti wá èyí tó lè rọ́pò "ní" títí, pé kò sí. Télọ̀, káfíńtà, gbogbo wọn tẹ̀ka sí i láti jẹ́rìí. Tíṣà ní òun mọ̀wé, kí ló kan òun kan ìtẹ̀ka, mo ní kó ṣáà tẹ̀ ẹ́ kó lè dọ́gba. Bàbá rẹ tó ní kí n fi ọ́ sílẹ̀ pé o ti dàgbà, òun náà dìde lórí bẹ́ẹ̀dì wá tẹ ti rẹ̀. Awakọ̀ ti gbé e lọ, mi ò lè gbà á padà mọ́.

Bí ọ̀gá kò bá fèsì lọ́sẹ̀ yìí, fi owó ọkọ̀ ránṣẹ́ sí mi, kódà kó jẹ́ ti àlọ nìkan, kí n fúnra mi wá kúnlẹ̀ bẹ̀ ẹ́. Iṣẹ́ kò ní bọ́ lọ́wọ́ rẹ. Wàá rójú rere lọ́dọ̀ ẹni tó jù ọ́ lọ, ẹni tí o jù lọ kò sì ní rí ọ fín.

Kí o lè mọ̀ kó tó pè ọ́, ohun tí mo fi parí ìwé ọ̀gá rẹ nìyí: mo ní ẹnu mi ni ọmọ yìí ti kọ́ gbogbo ọ̀rọ̀ tó mọ̀, èyí tí kò bá mọ̀ nínú wọn, èmi ni mi ò kọ́ ọ, pé bó bá di dandan kí wọ́n lé ẹnìkan, kí wọ́n jọ̀ọ́ lé èmi.

Èmi ni,
Ìyá rẹ.